Àká Ohùn: Ìtàn Àwọn Fáìlì Àjọlò Tó Ń Mú Orin àti Fíìmù Dún Lórí Ẹ̀rọ Wa



Ẹnikẹ́ni nínú wa tó bá ti lọ gba ohùn àwọn àgbà sílẹ̀ fún iṣẹ́ àpilẹ̀kọ ọdún àṣekágbá, ì báà ṣe ìjálá, ì báà ṣe ẹkún ìyàwó, ì báà ṣe oríkì orílẹ̀, yóò mọ̀ pé iṣẹ́ kò parí síbi ká tẹ fóònù ká sì tún dá a dúró. Fáìlì tí a gbé délé gbọ́dọ̀ ṣí. Ó gbọ́dọ̀ ṣí lónìí, ó sì gbọ́dọ̀ ṣí ní ogún ọdún sí òní, nígbà tí ẹni tó fọhùn lè má sí láyé mọ́.

Kí ló ń ṣí i? Ọ̀pọ̀ nínú wa yóò dáhùn pé VLC ni, tàbí áàpù orin tó wà lórí fóònù. Ìdáhùn yẹn kò tíì dé ìdí ọ̀rọ̀. Lẹ́yìn áàpù tí à ń rí ni àwọn fáìlì kan wà tí a kì í rí, tí orúkọ wọn ń parí sí .dll lórí Windows, .so lórí Linux àti Android, tàbí .dylib lórí Mac. Àwọn wọ̀nyí ló mọ bí a ṣe ń tú ohùn tí wọ́n ti dì. Bí wọn kò bá sí níbẹ̀, nọ́ńbà lásán ni fáìlì ohùn wa jẹ́.

Ìtàn wọn la fẹ́ sọ lónìí. Ohun tó mú un kàn wá ni pé ọwọ́ wọn ni ohùn àwọn èèyàn wa wà báyìí, àti pé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àti àwọn tó ń fi àsìkò ara wọn ṣiṣẹ́ lọ́fẹ̀ẹ́ ló kọ èyí tó pọ̀ nínú àwọn tó ṣe pàtàkì jù.

Kí là ń pè ní àká àjọlò?

"Library" ni àwọn Òyìnbó ń pe irú fáìlì bẹ́ẹ̀. Bí a bá pè é ní ilé ìkàwé, a ó ṣi èèyàn lọ́nà, torí kò sẹ́ni tó ń kàwé níbẹ̀. Àwa tí à ń kọ́ ìmọ̀ ẹ̀dá èdè ti mọ àká ọ̀rọ̀ dáadáa. Àká sì ni ibi tí àgbẹ̀ ń kó irè oko sí, tí ará ilé ń lọ bù nínú rẹ̀ nígbà tí wọ́n bá fẹ́ lò ó. Nítorí náà, àká la ó máa pè é nínú àròkọ yìí. Àká àjọlò ni èyí tí ọ̀pọ̀ ètò kọ̀ǹpútà jọ ń bù nínú rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà.

Ní ìbẹ̀rẹ̀, ètò kọ̀ọ̀kan ló ń gbé gbogbo ohun tí yóò lò dání. Bí ètò mẹ́wàá bá nílò iṣẹ́ kan náà, ẹ̀dà mẹ́wàá iṣẹ́ yẹn ni yóò wà lórí ẹ̀rọ. Láàárín ọdún 1960 sí 1969, àwọn tó ṣe ẹ̀rọ Multics ní yunifásítì MIT, pẹ̀lú Bell Labs àti ilé-iṣẹ́ General Electric, ti gbé ọ̀nà mìíràn jáde: kí a kọ iṣẹ́ náà lẹ́ẹ̀kan, kí ètò tó bá nílò rẹ̀ wá a kàn nígbà tó bá ń ṣiṣẹ́ lọ́wọ́. Windows àkọ́kọ́, tó jáde ní oṣù Kọkànlá ọdún 1985, ń lo irú ọgbọ́n yìí láti ọjọ́ kìíní. Ohun tí DLL dúró fún ni àká tí a ń so mọ́ ètò nígbà tí ètò bá ti ń ṣiṣẹ́.

Èrè ibẹ̀ jẹ́ méjì. Àkọ́kọ́, kì í jẹ àyè. Èkejì, bí àṣìṣe bá wà nínú àká, a ó tún un ṣe lẹ́ẹ̀kan, gbogbo ètò tó ń lò ó yóò sì jàǹfààní. Ṣùgbọ́n ewu náà wà. Bí ètò tuntun bá wọlé, tó sì fi ẹ̀dà tirẹ̀ rọ́pò èyí tó wà nílẹ̀, ètò àtijọ́ tó gbára lé ẹ̀dà ti tẹ́lẹ̀ lè dẹ́kun iṣẹ́. Ìyà yìí pọ̀ débi pé àwọn oníṣẹ́ kọ̀ǹpútà sọ ọ́ lórúkọ, wọ́n ní ọ̀run àpáàdì DLL ni. Bí ẹ bá ti rí i rí tí Windows sọ pé òun kò lè bẹ̀rẹ̀ nítorí pé .dll kan sọnù, ẹ̀ka kan nínú wàhálà náà nìyẹn.

Ti ohùn kò yàtọ̀. Windows 3.1 tó jáde ní ọdún 1992 ní àká kan tó ń jẹ́ MMSYSTEM.DLL. Nígbà tó yá, winmm.dll gba iṣẹ́ rẹ̀. Ètò tó bá fẹ́ fọhùn kò ní láti mọ irú ẹ̀rọ ohùn tó wà nínú kọ̀ǹpútà. Àká yìí ni yóò bá sọ̀rọ̀, àká náà ni yóò sì jíṣẹ́ fún ẹ̀rọ.

Bí ohùn ṣe di nọ́ńbà, tí nọ́ńbà sì di ẹrù

Kọ̀ǹpútà kò mọ ohùn, nọ́ńbà ló mọ̀. Lórí síídì orin, ìgbà 44,100 ni wọ́n ń wọn ohùn láàárín ìṣẹ́jú-àáyá kan. Etí ọ̀tún ní tirẹ̀, etí òsì ní tirẹ̀, bíìtì 16 ni wọ́n sì fi ń kọ ìwọ̀n kọ̀ọ̀kan. Ẹ bá wa ṣírò rẹ̀: 44,100 lọ́nà 16, lọ́nà 2, bíìtì 1,411,200 ni fún ìṣẹ́jú-àáyá kan. Orin ìṣẹ́jú mẹ́rin yóò lé ní 40 MB. Nígbà tí ọ̀pọ̀ kọ̀ǹpútà kò ní ju ọgọ́rùn-ún MB mélòó kan lọ lápapọ̀, ẹrù tó wúwo nìyẹn.

Ní Jámánì, Karlheinz Brandenburg àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní ilé-iṣẹ́ ìwádìí Fraunhofer àti yunifásítì ìlú Erlangen wà lára àwọn tó wá ojútùú sí i. Ọgbọ́n wọn dá lórí etí ènìyàn. Bí dùndún bá ń dún kíkankíkan, etí kì í gbọ́ ohùn kékeré tó sún mọ́ tirẹ̀ tó dún ní àkókò kan náà. Bí etí kò bá gbọ́ ọ, kí ló dé tí a ó fi tọ́jú rẹ̀? Wọ́n yọ ohun tí etí kò ní gbọ́, wọ́n di ìyókù. Orin "Tom's Diner" tí Suzanne Vega fi ohùn nìkan kọ, láìsí ìlù tàbí gìtá, wà lára ohun tí Brandenburg fi dán iṣẹ́ náà wò, torí ohùn ènìyàn lásán kì í bo àṣìṣe mọ́lẹ̀. Wọ́n tẹ ìlànà náà jáde ní ọdún 1993. Ní ọjọ́ 14 oṣù Keje ọdún 1995, àwọn ará Fraunhofer fẹnu kò pé .mp3 ni kí orúkọ fáìlì rẹ̀ máa parí sí. Orin tó gba 40 MB tẹ́lẹ̀ wá di nǹkan bíi 4 MB.

Dídì nìkan kọ́ o. Ẹni tó bá gba fáìlì yẹn gbọ́dọ̀ ní ohun tí yóò tú u. Ohun tó ń di ohùn tó sì ń tú u yìí ni wọ́n ń pè ní codec, inú àká àjọlò ló sì sábà máa ń gbé.

Ní ọdún 1997, ọ̀dọ́mọkùnrin méjì ní Amẹ́ríkà, Justin Frankel àti Dmitry Boldyrev, gbé Winamp jáde. Àwọn ẹ̀gbọ́n wa kan yóò rántí rẹ̀ dáadáa. Winamp ní fódà kan tó ń jẹ́ Plugins, in_mp3.dll sì wà níbẹ̀, òun ló ń tú MP3. Ẹnikẹ́ni tó bá mọ iṣẹ́ lè kọ DLL tirẹ̀, kó jù ú sínú fódà yẹn, Winamp yóò sì mọ irú fáìlì tuntun tí kò mọ̀ tẹ́lẹ̀. Ilẹ̀kùn kan ṣoṣo ni, ọ̀pọ̀ àká ló wà lẹ́yìn rẹ̀.

Ta ló ni kọ́kọ́rọ́?

Ibí yìí ni ọ̀rọ̀ ti di ọ̀rọ̀ owó. Páténtì, ìyẹn àṣẹ òfin tó sọ ọgbọ́n kan di ti ẹni kan fún iye ọdún kan, wà lórí MP3. Nínú oṣù Kẹsàn-án ọdún 1998, Fraunhofer kọ lẹ́tà sí àwọn tó ń kọ ètò tó ń di MP3, wọ́n ní kí wọ́n wá san owó. Lára àwọn tí lẹ́tà yẹn bá ni àwọn tó ń fi iṣẹ́ wọn tọrẹ, tí kò sí owó kankan tó ń wọlé fún wọn níbẹ̀.

Ọ̀nà méjì ni ó yọrí sí. Ọ̀kan ni ti Chris Montgomery, tó ti ń ṣiṣẹ́ lórí ohùn dídì tẹ́lẹ̀. Òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tí wọ́n para pọ̀ sábẹ́ Xiph.Org kọ Vorbis, codec tí ẹnikẹ́ni kò ní gbowó lé lórí. Ẹ̀dà 1.0 rẹ̀ jáde ní oṣù Keje ọdún 2002. Wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ fún àká rẹ̀ ní ìwé àṣẹ tó tú sílẹ̀ gan-an, kí ilé-iṣẹ́ ńlá àti akẹ́kọ̀ọ́ lè lò ó bákan náà.

Ọ̀nà kejì ni ti LAME, tó ń di MP3. Àwọn tó kọ ọ́ kò ta á, ìtọ́ni rẹ̀ nìkan ni wọ́n fi síta kí ẹni tó bá fẹ́ fúnra rẹ̀ sọ ọ́ di fáìlì tó ń ṣiṣẹ́. Àbùrò ìtàn yìí ni ti Audacity, ètò tí ọ̀pọ̀ wa fi ń gé ohùn. Akẹ́kọ̀ọ́ ni Dominic Mazzoni nígbà tí òun àti olùkọ́ rẹ̀, Roger Dannenberg, bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ ní yunifásítì Carnegie Mellon ní ọdún 1999. Nítorí páténtì, Audacity kò gbé LAME dání. Bí ẹ bá fẹ́ fi ohùn yín pamọ́ sí MP3, yóò ní kí ẹ lọ fúnra yín wá lame_enc.dll, kí ẹ sì fi ibi tó wà han òun. Ẹnu-ọ̀nà òfin ni ìbéèrè yẹn. Fraunhofer kásẹ̀ ètò owó gbígbà lórí MP3 nílẹ̀ ní ọjọ́ 23 oṣù Kẹrin ọdún 2017, nígbà tí páténtì ti ń parí. Ní ọdún 2019, Audacity 2.3.2 kó LAME wọlé, ìbéèrè náà sì di ìtàn.

Ẹ wò ó: ogún ọdún gbáko ni nǹkan tí gbogbo ayé ń lò lójoojúmọ́ fi wà lábẹ́ àṣẹ ẹlòmíràn.

Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó fẹ́ kí íntánẹ́ẹ̀tì wọn yá

Ìtàn tó dùn mọ́ wa jù rèé. Ní École Centrale Paris, ní ilẹ̀ Faransé, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fúnra wọn ló ń bójú tó okùn tó so kọ̀ǹpútà inú ilé ibùgbé wọn pọ̀. Okùn náà kò yára, ó sì ń dí wọn lọ́wọ́ nígbà tí wọ́n bá ń bá ara wọn ta ayò lórí kọ̀ǹpútà. Wọ́n nílò òmíràn. Bí wọ́n bá kàn sọ pé eré làwọn fẹ́ fi ṣe, ta ni yóò dá wọn lóhùn? Wọ́n wá iṣẹ́ ńlá kan tí okùn tó lọ́ra kò lè ṣe: kí a gba tẹlifíṣọ̀n orí sátẹ́láìtì lójú kan, kí a sì máa pín in lórí okùn fún yàrá gbogbo. Ní ọdún 1996, iṣẹ́ náà bẹ̀rẹ̀ lábẹ́ orúkọ VideoLAN. Apá kan ń pín àwòrán jáde, apá kejì sì ń gbà á nínú yàrá. VideoLAN Client ni wọ́n pe apá kejì, òun ló di VLC. Kónù ojú ọ̀nà tí ẹ ń rí lórí rẹ̀ wá láti ara àwọn kónù tí ẹgbẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ náà ń kó jọ.

Ní ọdún 1998, wọ́n tún un kọ látìbẹ̀rẹ̀. Wọ́n sọ ọ́ di àárín kékeré kan, pẹ̀lú ọ̀pọ̀ ẹ̀ka tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn mọ iṣẹ́ kan: èyí ń ka dísìkì, èyí ń tú ohùn, èyí ń tú àwòrán, èyí ń gbé ohùn lọ sí ẹ̀rọ. Ẹ ṣí fódà VLC lórí Windows wò, ẹ ó rí libvlc.dll, libvlccore.dll, àti fódà plugins tí .dll kún inú rẹ̀ bámúbámú.

Síbẹ̀, kò lè jáde kúrò ní ọgbà ilé-ìwé láìgba àṣẹ, torí abẹ́ ilé-ìwé ni wọ́n ti ṣe é. Ọjọ́ kìíní oṣù Kejì ọdún 2001 ni ilé-ìwé náà gbà pé kí wọ́n tú gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ lábẹ́ ìwé àṣẹ GPL, kí ẹnikẹ́ni lè lò ó, kó tún un ṣe, kó sì pín in. Bí ilé-ìwé bá kọ̀, a kò rò pé a ó gbọ́ orúkọ VLC ní orílẹ̀-èdè wa rárá. Gbogbo ìdarí rẹ̀ ti bọ́ sọ́wọ́ ẹgbẹ́ VideoLAN báyìí, ẹgbẹ́ tí kì í ṣe ti èrè.

Àká tó wà lẹ́yìn àwọn àká

VLC fúnra rẹ̀ kò dá gbogbo nǹkan tú. Ó ń yá iṣẹ́ lọ́wọ́ àká mìíràn tó ń jẹ́ libavcodec, àká yìí sì ni ó yẹ kí gbogbo ẹni tó ń gbọ́ orin lórí kọ̀ǹpútà mọ̀.

Ní ọdún 2000, nǹkan kò rọrùn fún ẹni tó ń lo Linux. Àwọn ilé-iṣẹ́ tó ni codec kì í ṣe ètò fún wọn. Ètò kan tó ń jẹ́ MPlayer, tí Árpád Gereöffy bẹ̀rẹ̀ ní Hungary, ṣe ohun tó ya ọ̀pọ̀ lẹ́nu: ó ń gbé DLL tí wọ́n kọ fún Windows, ó sì ń mú un ṣiṣẹ́ lórí Linux. Àwọn èèyàn ń kó àwọn DLL wọ̀nyí sí fódà kan, fíìmù sì ń ṣí. Ọgbọ́n gidi ni, ṣùgbọ́n àpótí títì ni wọ́n yá. Kò sẹ́ni tó lè rí inú rẹ̀, kò sẹ́ni tó lè tún un ṣe, kò sì lè ṣiṣẹ́ lórí kọ̀ǹpútà tí ọpọlọ rẹ̀ kì í ṣe irú ti Intel.

Ọdún kan náà ni ọmọ ilẹ̀ Faransé kan, Fabrice Bellard, bẹ̀rẹ̀ FFmpeg. Òun àti àwọn tó wá ràn án lọ́wọ́ gba ọ̀nà tó le jù: wọ́n ń kọ codec kọ̀ọ̀kan fúnra wọn. Bí ìlànà bá wà ní títẹ̀, wọ́n á tẹ̀lé e. Bí kò bá sí, wọ́n á máa wo ohun tó ń wọ inú àpótí títì náà àti ohun tó ń jáde, títí wọn yóò fi mọ bí inú rẹ̀ ṣe ń ṣiṣẹ́. Díẹ̀díẹ̀, libavcodec bẹ̀rẹ̀ sí í tú ọ̀pọ̀ jù lọ nínú irú ohùn àti àwòrán tí àwọn ilé-iṣẹ́ ti ṣe sẹ́yìn, títí kan èyí tí àwọn tó ṣe é fúnra wọn ti pa tì. MPlayer ń lò ó, VLC ń lò ó, Chrome náà sì ń lo àká FFmpeg.

Ẹ jẹ́ ká mú un wálé. Àwọn fíìmù Yorùbá tí àwọn òbí wa rà lórí VCD ní nǹkan bí ogún ọdún sẹ́yìn, MPEG-1 ni àwòrán inú wọn, ohùn inú wọn sì jẹ́ MPEG Layer II, ẹ̀gbọ́n MP3. Fódà MPEGAV ni wọ́n wà, pẹ̀lú orúkọ bíi AVSEQ01.DAT. Bí ẹ bá fi fáìlì yẹn síwájú Windows lónìí, ó lè sọ pé òun kò mọ ohun tó ń jẹ́ .DAT. Bí ẹ bá fi síwájú VLC, fíìmù bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Fóònù kékeré ìgbà yẹn ń gba ohùn sílẹ̀ ní .amr. Èyí náà ní àká tirẹ̀, opencore-amr, tó wá láti ara ìtọ́ni tí Google tú sílẹ̀ pẹ̀lú Android. Ohùn ránṣẹ́ orí WhatsApp tí à ń gbọ́ lójoojúmọ́, Opus ni. Wọ́n ṣe Opus láti ara iṣẹ́ Skype àti iṣẹ́ Xiph.Org, ìlànà rẹ̀ sì jáde ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2012. Wọ́n ṣe é kí ẹnikẹ́ni lè lò ó láìsan kọ́bọ̀.

Ìjà inú ilé, àti àlébù tó di ti gbogbo ayé

A kò ní purọ́ pé gbogbo nǹkan rọgbọ. Ní ọdún 2011, àwọn tó ń ṣe FFmpeg jà nítorí bí wọ́n ṣe ń darí iṣẹ́ náà. Apá kan yapa, wọ́n sì pe tiwọn ní Libav. Debian, ọ̀kan nínú àwọn Linux tó gbajúmọ̀ jù, tẹ̀lé Libav. Fún ọdún mélòó kan, àká méjì tó jọ ara wọn ló ń du ipò kan náà, àwọn olùkọ̀wé ètò kò sì mọ èyí tí wọn yóò dúró tì. Ní ọdún 2015, Debian padà sí FFmpeg, Michael Niedermayer tó ti ń darí FFmpeg láti ọdún 2004 sì kọ̀wé fipò sílẹ̀, ó ní òun fẹ́ kí àwọn tó yapa lè padà wálé. Libav rọra kógbá sílé lẹ́yìn náà.

Ọdún 2015 yẹn kan náà la rí ewu tó tóbi jù lára ohun àjọlò. Android ní àká kan tó ń jẹ́ libstagefright, òun ló ń ka fáìlì fíìmù àti ohùn. Nínú oṣù Keje, Joshua Drake ti ilé-iṣẹ́ Zimperium kéde pé àṣìṣe wà nínú rẹ̀. Ẹni ibi lè ṣe fídíò kan, kó fi ránṣẹ́ sí nọ́ńbà fóònù yín gẹ́gẹ́ bí MMS, kó sì ti ara rẹ̀ wọ inú fóònù náà. Lórí fóònù mìíràn, ẹ kò ní láti ṣí fídíò náà kó tó ṣiṣẹ́ ibi, torí fóònù á ti bẹ̀rẹ̀ sí í kà á fúnra rẹ̀. Zimperium fojú bù ú pé nǹkan bíi mílíọ̀nù 950 ẹ̀rọ ni ọ̀rọ̀ náà kàn.

Àwọn àgbà ní bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú, tí a kò sọ fún un, hẹ̀rẹ̀huru rẹ̀ kò ní jẹ́ ká sùn lóru. Àká àjọlò gan-an nìyẹn. Àṣìṣe ẹnì kan nínú rẹ̀ di ti gbogbo ilé. Google tún un ṣe, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi àtúnṣe ààbò síta lóṣooṣù láti oṣù Kẹjọ ọdún yẹn. Ní Android 7.0, wọ́n pín iṣẹ́ àká náà sí yàrá ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ kí olè tó bá wọ ọ̀kan má baà rí gbogbo ilé. Ṣùgbọ́n àtúnṣe kì í dé orí fóònù tí ilé-iṣẹ́ tó ṣe é ti gbàgbé rẹ̀, irú fóònù bẹ́ẹ̀ sì pọ̀ lọ́wọ́ àwọn èèyàn wa.

Kí ló kàn wá níbẹ̀?

Ohun mẹ́ta la rí.

Ìkíní ni ti irú fáìlì tí a ń fi ohùn pamọ́ sí. Ẹ má ṣe fi .amr gba ohùn fún iṣẹ́ ìwádìí bí ẹ bá rí ọ̀nà mìíràn. Ìgbà 8,000 péré ni irú AMR orí fóònù kékeré ń wọn ohùn ní ìṣẹ́jú-àáyá kan, nítorí náà, kò lè tọ́jú ohunkóhun tó bá ga ju 4,000 lọ. Ohùn òkè, ohùn àárín àti ohùn ìsàlẹ̀ ṣì máa ń yè é, torí wọn kò ga tó bẹ́ẹ̀. Kọ́ńsónáǹtì ló ń jìyà. Ibi gíga yẹn ni èyí tó pọ̀ nínú agbára /s/ wà, nítorí náà, "sá" àti "ṣá" lè fẹ́rẹ̀ẹ́ di ọ̀kan létí ẹni tó ń ṣe àdàkọ. Ẹ fi WAV gbà á, tàbí FLAC. FLAC ń di ohùn láìyọ ohunkóhun kúrò nínú rẹ̀. Josh Coalson ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ẹ̀dà 1.0 jáde ní ọdún 2001, kò sì sí páténtì tó dì í mú. Ẹ ṣe MP3 fún fífi ránṣẹ́, ṣùgbọ́n ẹ má fi ṣe ojúlówó.

Ìkejì ni pé kí a ṣí ohun àtijọ́ nígbà tí àká tó ń tú u ṣì wà. Síídì àti VCD tó wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì nílé, ohùn àwọn òbí àgbà lórí fóònù tí kò tàn mọ́, ẹ kó wọn jáde, ẹ dà wọ́n sí irú fáìlì tó ṣí sílẹ̀. Ohun tí libavcodec mọ̀ lónìí, ẹnì kan ló jókòó tì í kó tó mọ̀ ọ́n. Bí kò bá sẹ́ni tó ń tún un ṣe mọ́, yóò gbàgbé.

Ìkẹta ló wọ̀ wá lára jù. Ilé-iṣẹ́ tó ń pa owó rẹpẹtẹ ń bù nínú àwọn àká wọ̀nyí lójoojúmọ́, ṣùgbọ́n àwọn díẹ̀ tó ń fi àsìkò ara wọn ṣe é ló ń kó irè sínú rẹ̀. Àká tí gbogbo ilé ń bù tí kò sẹ́ni tó ń kó nǹkan sí i, òfìfo ni yóò dà. Kì í ṣe ìtọ́ni kọ̀ǹpútà nìkan ni wọ́n nílò. Àwọn olùyọ̀ǹda ara ẹni ló ń túmọ̀ ọ̀rọ̀ ojú VLC sí èdè oríṣiríṣi. Ẹni tó mọ àmì ohùn, tó mọ ọ̀rọ̀ tí èèyàn gidi ń lò fún "dá a dúró" àti "tẹ̀ síwájú", oníṣẹ́ ni níbẹ̀. Iṣẹ́ wa gan-an sì nìyẹn.

Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Paris kò dúró de ẹnikẹ́ni. Okùn tó yára ni wọ́n ń wá, wọ́n sì ṣe ohun tí gbogbo ayé ń lò. Àwa ń wá bí ohùn ìyá wa kò ṣe ní parẹ́. Ẹ̀ka Yorùbá wo ni yóò kọ́kọ́ yọ ènìyàn márùn-ún síta fún iṣẹ́ náà?